Eré Nọ́wè tí ẹ fi Yorùbá túmọ̀, tí YouTube sì dí pa: ìdáhùn sí ìbéèrè kan

Arábìnrin kan tó ń kẹ́kọ̀ọ́ ní yunifásítì ní Òṣogbo ló kọ ìwé yìí ránṣẹ́: "Ẹ kú iṣẹ́, sà. Ọ̀rẹ́ mi kan ló fi SKAM, eré àwọn ọ̀dọ́ Nọ́wè, ránṣẹ́ sí mi lórí Telegram, pẹ̀lú ìtumọ̀ Gẹ̀ẹ́sì nísàlẹ̀ àwòrán. Mo wò ó tán, mo tún un wò. Mo wá ní kí n fi Yorùbá sí i kí ìyá mi àti àwọn àbúrò mi lè bá mi wò ó. Ọ̀pọ̀ òru ni mo fi ṣe ìpín àkọ́kọ́. Nígbà tí mo gbé e sórí YouTube, kò tó wákàtí kan tí wọ́n fi dí i pa. Kò sẹ́ni tó ń ta eré yìí fún wa níbí, mi ò gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, ìpolówó ọ̀fẹ́ ni mo tilẹ̀ ń bá wọn ṣe. Ṣé torí pé ọmọ Nàìjíríà ni mí ni? Àbí olè lèmi náà? Kí ni kí n ṣe sí èyí tó kù?"

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ mú èyí tó ń dùn yín jù kúrò nílẹ̀. Ọ̀rọ̀ pé ọmọ Nàìjíríà ni yín kò sí níbẹ̀ rárá. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ dá mi lójú pé ojú èèyàn kankan kò kan fídíò yín kí wọ́n tó dí i. Láti ọdún 2007 ni YouTube ti ní ẹ̀rọ kan tó ń jẹ́ Content ID. Ẹni tó ni iṣẹ́ yóò fi ẹ̀dà iṣẹ́ rẹ̀ lé YouTube lọ́wọ́, ẹ̀rọ náà yóò sì máa fi gbogbo fídíò tí aráyé bá gbé wá wé ẹ̀dà yẹn, àti àwòrán àti ohùn. Bí méjèèjì bá bára mu, ohun tí oníṣẹ́ ti pàṣẹ sílẹ̀ ni ẹ̀rọ yóò ṣe: ó lè dí fídíò náà, ó lè fi í sílẹ̀ kí owó ìpolówó orí rẹ̀ máa bọ́ sápò oníṣẹ́, ó sì lè jẹ́ pé iye èèyàn tó ń wò ó nìkan ni yóò máa kà. Ìdí nìyẹn tí fídíò ẹlòmíràn fi lè wà níbẹ̀ fún ọdún mélòó kan nígbà tí tiyín kò lo wákàtí kan. Ẹ ṣí YouTube Studio, kí ẹ tẹ ibi tí wọ́n ti kọ ọ̀rọ̀ ẹ̀tọ́ àdàkọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ fídíò náà, ẹ ó rí orúkọ ẹni tó sọ pé òun ló ni ín àti ìṣẹ́jú tó ń bá yín jà lé lórí. Ó ṣeé ṣe kó yà yín lẹ́nu pé kì í ṣe ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ló wà níbẹ̀ bí kò ṣe ilé-iṣẹ́ orin kan. Mo ń bọ̀ wá sórí ìyẹn.

Eré yẹn fúnra rẹ̀, wọn kò ṣe é fún yín, wọn kò sì ṣe é fún mi. NRK tó gbé e jáde jẹ́ ilé-iṣẹ́ rédíò àti tẹlifíṣọ̀n ti ìjọba Nọ́wè, owó àwọn ará ìlú ni wọ́n sì fi ń ṣiṣẹ́. Nígbà tí eré yẹn ń jáde, gbogbo ilé tó bá ní tẹlifíṣọ̀n ló ń san owó fún wọn lọ́dọọdún. Julie Andem ló kọ ọ́, òun náà ló darí rẹ̀, àwọn ọmọbìnrin ọmọ ọdún 16 ní Nọ́wè ló sì fi sọ́kàn. Ó bẹ̀rẹ̀ ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2015, ó sì parí ní oṣù kẹfà ọdún 2017, lẹ́yìn ìpín mẹ́rin. Wọn kò polówó rẹ̀, àní wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ yẹra fún ìpolówó, torí wọ́n fẹ́ kí àwọn ọmọ náà fúnra wọn rí i, kí wọ́n sì máa fi í han ara wọn láìsí pé òbí kan dá sí i. Bí ẹ̀dá eré kan bá pàdé ọ̀rẹ́ rẹ̀ nínú ọgbà ilé-ẹ̀kọ́ Hartvig Nissen ní ìlú Oslo lọ́sàn-án ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ọ̀sán ọjọ́ Ìṣẹ́gun yẹn gan-an ni wọ́n máa ń gbé ìran náà sójú òpó wọn, láìkìlọ̀ fún ẹnikẹ́ni. Àtẹ̀jíṣẹ́ tí àwọn ẹ̀dá eré ń fi ránṣẹ́ síra wọn wà níbẹ̀ fún ẹni tó bá fẹ́ kà á, wọ́n sì ní ojú òpó Instagram bí ẹni pé èèyàn gidi ni wọ́n. Tó bá di ọjọ́ Ẹtì, wọn á kó gbogbo ìran ọ̀sẹ̀ náà pọ̀ sójú kan, á di eré odidi.

Ibẹ̀ yẹn ni mo rò pé àṣírí títàn tó tàn dé Òṣogbo wà, ó sì jọ mí lójú pé àwọn tó ń sọ̀rọ̀ nípa eré yìí kì í sábà fọwọ́ kàn án. Ẹni tó bá ti tú eré rí mọ̀ pé gígùn ló ń pa atúmọ̀. Àwọn eré Tọ́kì máa ń gùn tó wákàtí méjì tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Tí ẹ bá ṣe ìdajì, oorun á ti kun yín, ìtara á sì ti rọ̀. Láti ọdún 2006 títí di ọdún 2010, YouTube kì í gba fídíò tó bá kọjá ìṣẹ́jú 10 lọ́wọ́ àwọn aráàlú, nítorí náà gígé ni wọ́n máa ń gé àwọn eré Kòríà àti ti Jàpáànù sí ègé wẹ́wẹ́, tí ẹ ó máa wá ègé kẹrin kiri nígbà tí wọ́n bá ti pa á rẹ́. SKAM kò ní ìṣòro yìí, torí ègé wẹ́wẹ́ ló fúnra rẹ̀ jáde. Ọmọ Nọ́wè kan tó gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì lè jókòó ti ìran ìṣẹ́jú márùn-ún, kí ó tú u kí alẹ́ tó lẹ́, kí ó fi sínú Google Drive, kí ó sì fi ọ̀nà ibẹ̀ ránṣẹ́ sí àwọn tó ń retí rẹ̀ lórí Tumblr, òpó kan tí àwọn olólùfẹ́ eré máa ń kóra jọ sí. Ẹlòmíràn ní Bràsíl tàbí ní Rọ́ṣíà á gbà á lọ́wọ́ rẹ̀, á tún Gẹ̀ẹ́sì yẹn tú sí èdè tirẹ̀. Nígbà tí ìpín kẹta jáde ní ìparí ọdún 2016, èyí tó sọ ìtàn Isak àti ọmọkùnrin ẹgbẹ́ rẹ̀ tí ìfẹ́ rẹ̀ wọ̀ ọ́ lọ́kàn, ọ̀rọ̀ náà kúrò ní kékeré: àwọn tí kò mọ ibi tí Nọ́wè wà lórí àwòrán ayé ti ń dìde lóru láti wò ó bóyá ìran tuntun ti jáde. Iye tí wọ́n jẹ́ gan-an kò ṣeé kà, nítorí ohun tó bá gba inú Drive àti Telegram kọjá kì í fi nọ́ńbà sílẹ̀, ẹ má sì gba ẹnikẹ́ni tó bá gbé iye kan kalẹ̀ fún yín gbọ́ pátápátá.

Ẹ wá gbọ́ bí ìdínà ṣe dé. Títí di òpin ọdún 2016, ẹnikẹ́ni níbikíbi lè ṣí òpó NRK, kó wo SKAM, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò ní gbọ́ ohun tí wọ́n ń sọ. Ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2017, NRK ti ilẹ̀kùn náà mọ́ àwọn tó wà lókè òkun. Kì í ṣe inú burúkú ló fà á. Ẹ tún eré yẹn gbọ́ dáadáa, ẹ ó rí i pé bóyá ni ìran kan wà tí orin kò sí nínú rẹ̀, àtorin Nọ́wè àtorin Amẹ́ríkà. Orin kan ṣoṣo kì í ní oníǹkan kan: ẹni tó kọ ọ́ ní ẹ̀tọ́ tirẹ̀, ilé-iṣẹ́ tó gbà á sílẹ̀ ní tirẹ̀. Àdéhùn tí NRK bá wọn ṣe wà fún àwọn ará Nọ́wè. Nígbà tí àwọn olórin rí i pé gbogbo ayé ti ń wò ó, wọ́n béèrè lọ́wọ́ NRK lábẹ́ àṣẹ wo ni orin wọn fi ń dún ní orílẹ̀-èdè tí ẹnikẹ́ni kò ti sanwó fún un. Láti dáhùn ìbéèrè yẹn fún Nàìjíríà nìkan, ẹnì kan ní láti jókòó ti gbogbo orin inú ìpín mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, kí ó wá oníǹkan kọ̀ọ̀kan rí, kí ó bá a dúnàádúrà, kí ó sì san án lówó, nítorí àwọn òǹwòran tí kò mọ iye wọn, tí wọn kò sì ní san kọ́bọ̀ padà fún un. Èmi náà ì bá ti ilẹ̀kùn. Ohun tó sì ń pa mí lẹ́rìn-ín nínú rẹ̀ ni pé eré yìí kan náà ló tún jí orin kan tí Gabrielle, olórin Nọ́wè, ti gbé jáde láti ọdún 2014 dìde, tí àwọn tí kò gbọ́ èdè Nọ́wè fi ń kọ ọ́ lẹ́nu.

Nítorí náà, òtítọ́ ni pé kò sẹ́ni tó ta eré náà fún wa, ṣùgbọ́n ẹ má ṣe kà á sí pé wọ́n fojú tín-ín-rín wa. Òye kan náà ni ẹ ó fi mọ ìdí tó fi jẹ́ pé àgbékalẹ̀ ìtàn náà ni wọ́n tà sókè òkun, tí wọn kò ta eré ọ̀hún fúnra rẹ̀ bẹ́ẹ̀. Láàárín ọdún 2018 nìkan, Faransé, Jámánì, Ítálì, Sípéènì, Nẹ́dálándì àti Bẹ́ljíọ̀mù ti bẹ̀rẹ̀ sí ṣe tiwọn, Amẹ́ríkà náà sì ṣe tirẹ̀ ní ìlú Austin, Julie Andem fúnra rẹ̀ ló sì darí ìyẹn fún Facebook. Ẹni tó bá tún eré ṣe láti ìbẹ̀rẹ̀ lè yan orin tí apá rẹ̀ ká.

Ẹ̀yin wá sọ pé ìpolówó ọ̀fẹ́ ni ẹ ń ṣe. Ọ̀rọ̀ yín ní òtítọ́ nínú, ṣùgbọ́n kò tó bí ẹ ṣe rò. Ó dá mi lójú pé láìsí àwọn atúmọ̀ aláìgbowó wọ̀nyẹn, kò sí ẹni tí ì bá wá ra àgbékalẹ̀ SKAM láti Amẹ́ríkà ní ìparí ọdún 2016. Irú rẹ̀ ṣẹlẹ̀ sí eré Tọ́kì nípa Ertuğrul, tó bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 2014 lórí TRT, tẹlifíṣọ̀n ìjọba Tọ́kì: àwọn olólùfẹ́ rẹ̀ ti ń fi Urdu túmọ̀ rẹ̀ fúnra wọn tipẹ́tipẹ́ kí tẹlifíṣọ̀n ìjọba Pakísítánì tó fi ohùn Urdu sí i ní ọdún 2020, tí wọ́n sì ṣí ìkànnì YouTube fún un. Crunchyroll tí àwọn èèyàn ń sanwó fún lónìí láti wo eré àwòrán Jàpáànù (anime), ibi tí ẹnikẹ́ni ti lè gbé fídíò tí kò gba àṣẹ kalẹ̀ ló jẹ́ nígbà tó bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 2006. Ó di ọdún 2009 kí wọ́n tó yọ àwọn yẹn kúrò, tí wọ́n sì ń bá àwọn oníṣẹ́ ṣe àdéhùn. Ṣùgbọ́n ẹ kíyè sí i pé nínú gbogbo ìwọ̀nyí, oníṣẹ́ ló pinnu nígbà tí ìpolówó náà wúlò fún un àti nígbà tó fẹ́ kó dópin, atúmọ̀ kò lóhùn sí i. Àwọn àgbà nídìí iṣẹ́ yìí mọ èyí. Láti ìgbà tí àwọn ẹgbẹ́ olólùfẹ́ ní Amẹ́ríkà ti ń da àwòrán Jàpáànù kọ sórí kásẹ́ẹ̀tì VHS ni wọ́n ti ní òfin kan láàárín ara wọn, tí ìjọba kò kọ fún wọn: ọjọ́ tí ẹnì kan ní orílẹ̀-èdè yín bá ti ra àṣẹ eré náà, ọjọ́ yẹn ni kí ẹ ṣíwọ́ pípín in. Wọn kì í sì í tà á. Àwọn tó ba ọ̀nà yìí jẹ́ ni àwọn tó ń kó iṣẹ́ atúmọ̀, tí wọ́n ń lẹ ìpolówó tẹ́tẹ́ mọ́ ọn lára, tí wọ́n ń fi í pawó.

Ẹ tún gbé e yẹ̀ wò láti ẹ̀yìn ilé tiwa. Lójoojúmọ́ ni àwọn tó ń ṣe fíìmù Yorùbá ń pariwo pé fíìmù wọn ti wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì kí ó tó pé ọ̀sẹ̀ kan tó jáde. Ọ̀pọ̀ wọn ló ti wá ṣí ìkànnì YouTube tiwọn báyìí, owó ìpolówó ibẹ̀ ni wọ́n sì fi ń ya òmíràn. Bí ẹnì kan ní Bahia, ní Bràsíl, bá wa irú fíìmù bẹ́ẹ̀ jáde, tó fi ìtumọ̀ èdè Potogí sí i, tó gbé e sórí ìkànnì tirẹ̀, inú ẹni tó ni fíìmù náà á dùn pé àwọn ará ibẹ̀ ń wò ó, á sì tún máa ronú pé ojú tó yẹ kó wà lórí ìkànnì òun ti lọ sórí ìkànnì ẹlòmíràn. Inú dídùn àti ẹ̀dùn yẹn lè jọ wà nínú ẹnì kan ṣoṣo, mi ò sì mọ ìdí tí a ó fi máa retí pé kí NRK ní ọ̀kan kí wọ́n má ní èkejì.

Ṣé olè wá ni yín? Èmi kì í ṣe agbẹjọ́rò, mi ò sì ní lo ọ̀rọ̀ yẹn fún ẹni tó lo òru rẹ̀ kí ìyá rẹ̀ lè gbádùn eré. Àmọ́ mi ò ní tàn yín: ẹ kò ní àṣẹ. Òfin ẹ̀tọ́ àdàkọ tuntun ti Nàìjíríà, èyí tí wọ́n ń pè ní ti ọdún 2022 tí ààrẹ sì bu ọwọ́ lù ní oṣù kẹta ọdún 2023, sọ pé ẹni tó ni iṣẹ́ ló ni ẹ̀tọ́ láti túmọ̀ rẹ̀ tàbí láti fún ẹlòmíràn láyè pé kó túmọ̀ rẹ̀. Ó sì fún oníṣẹ́ ní ọ̀nà láti kọ̀wé sí ilé-iṣẹ́ orí íntánẹ́ẹ̀tì pé kí wọ́n yọ ohun tí kò gba àṣẹ òun kúrò. Pé ẹ kò gba kọ́bọ̀ lè mú kí oníṣẹ́ fojú àánú wò yín, ṣùgbọ́n kò sọ ohun tí kì í ṣe tiyín di tiyín. Ohun kan wà ṣá tí ó jẹ́ tiyín ní tòótọ́, ìyẹn sì ni làálàá ọ̀rọ̀ Yorùbá tí ẹ kọ, èyí tí ẹnikẹ́ni kò kọ rí. Ìmọ̀ràn mi dá lórí rẹ̀.

Ẹ ya ọ̀rọ̀ yín kúrò lára àwòrán wọn. Bí mo ṣe lóye ìwé yín, ńṣe ni ẹ jó ìtumọ̀ náà mọ́ àwòrán, débi pé ẹ kò lè fúnni ní ọ̀kan láìfúnni ní èkejì. Ẹ kọ ọ́ sínú fáìlì ọ̀tọ̀, irú èyí tó ń parí sí .srt. Kò ju ìwé lásán lọ: nọ́ńbà 1 lórí ìlà kan, àkókò lórí ìlà kejì, bí àpẹẹrẹ 00:01:12,400 --> 00:01:15,100, lẹ́yìn náà ọ̀rọ̀ yín, kí ẹ fo ìlà kan, kí ẹ bọ́ sí nọ́ńbà 2. Ẹ fún fáìlì náà ní orúkọ kan náà pẹ̀lú fídíò, ẹ kó méjèèjì sínú fódà kan, VLC, ètò tí wọ́n fi ń wo fídíò lórí kọ̀ǹpútà, yóò sì gbé ìtumọ̀ náà jáde fúnra rẹ̀. Ẹ má jẹ́ kí ọ̀rọ̀ kọjá ìlà méjì lójú àwòrán lẹ́ẹ̀kan, kí ìlà kan má sì ju nǹkan bí lẹ́tà 40 lọ, nítorí pé àmì ohùn wa máa ń mú kí ojú lọ́ra díẹ̀ lórí gbólóhùn, pàápàá ojú ìyá tó lo gíláàsì. Nígbà tí ẹ bá sì fẹ́ fi pamọ́, ẹ rí i dájú pé UTF-8, ọ̀nà ìfipamọ́ tó gba àmì lẹ́tà wa, ni ẹ yàn, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, gbogbo ẹ, ọ àti ṣ yín yóò di àpótí òfìfo tàbí àmì ìbéèrè. Irú fáìlì yìí kò ní àwòrán NRK tàbí orin ẹnikẹ́ni nínú, kò sì sí ohun tí Content ID máa rí níbẹ̀. Mo ní láti fi kún un pé ìtumọ̀ ṣì ni, àṣẹ oníṣẹ́ ló sì yẹ kí ó wà lẹ́yìn rẹ̀ bí ẹ bá fẹ́ pín in fáyé. Ṣùgbọ́n láti fi í han ìyá àti àwọn àbúrò yín nínú pálọ̀ yín, mi ò rí ẹni tí yóò torí rẹ̀ wá kàn yín nílẹ̀kùn.

Bí ó bá jẹ́ pé gbogbo ayé ni ẹ fẹ́ kó rí i, èmi kì í bá fi SKAM bẹ̀rẹ̀, nítorí wàhálà orin yẹn. Ẹ wá eré tí oníṣẹ́ rẹ̀ fúnra rẹ̀ ti gbé odidi rẹ̀ sórí YouTube. Àwọn ilé-iṣẹ́ Tọ́kì ń ṣe bẹ́ẹ̀, KBS, ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n Kòríà, náà ń ṣe é lórí ìkànnì KBS World. Nígbà kan, ẹnikẹ́ni lè fi ìtumọ̀ ránṣẹ́ sábẹ́ fídíò ẹlòmíràn níbẹ̀, ṣùgbọ́n YouTube pa ètò yẹn tì ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2020, nítorí náà ẹ ní láti kọ̀wé sí wọn tààrà. Ẹ kọ ọ́ ní Gẹ̀ẹ́sì, ìwé kúkúrú, kí ẹ fi ìtumọ̀ eré kan tó ti parí sí i kí wọ́n lè dán an wò, kí ẹ sì sọ fún wọn pé àwọn tó ń sọ Yorùbá ju mílíọ̀nù 40 lọ. Wọ́n lè má dáhùn. Ìwé irú rẹ̀ máa ń sọnù sínú ọ́fíìsì ńlá. Ọ̀nà kejì ni Viki, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní ọdún 2007 láti fi kó àwọn atúmọ̀ aláìgbowó jọ sórí eré tí wọ́n ti gba àṣẹ rẹ̀, tí Rakuten ti Jàpáànù sì rà ní ọdún 2013. Wọ́n máa ń gé eré sí ègé kéékèèké kí ọ̀pọ̀ èèyàn lè jọ tú u, ẹ ó sì rí àwọn tó ti pẹ́ nídìí iṣẹ́ kọ́ṣẹ́ lọ́wọ́ wọn. Àbùkù rẹ̀ ni pé ẹ kò lè yan eré tó bá wù yín, àti pé ẹ̀yin kọ́ lẹ ni ilé tí iṣẹ́ yín wà. DramaFever, òpó mìíràn tí wọ́n ti ń wo irú eré bẹ́ẹ̀, náà gba àṣẹ, àwọn èèyàn sì ń sanwó fún un, síbẹ̀ ní ọjọ́ 16 oṣù kẹwàá ọdún 2018 ni wọ́n kéde pé ó ti kógbá wọlé, ọjọ́ yẹn náà ni ó sì dákẹ́. Torí náà, ibikíbi tí ẹ bá fi iṣẹ́ yín sí, ẹ tọ́jú ẹ̀dà fáìlì .srt yín sọ́wọ́.

Ní ti fídíò tó wà nílẹ̀ yìí, ẹ yẹ̀ ẹ́ wò bóyá ẹ̀rọ ló kàn dí i tàbí oníṣẹ́ fúnra rẹ̀ ló kọ̀wé pé kí wọ́n yọ ọ́. Ti ẹ̀rọ kì í ba ìkànnì yín jẹ́. Bí ó bá jẹ́ ìwé oníṣẹ́, ìkìlọ̀ kan ti wọ àkọsílẹ̀ yín, ó sì máa ń lo ọjọ́ 90. Bí mẹ́ta bá pé láàárín àkókò yẹn, wọ́n lè pa ìkànnì náà rẹ́ pẹ̀lú gbogbo ohun tó wà lórí rẹ̀. Ẹ pa fídíò náà rẹ́, kí ẹ má sì tún un gbé padà. Àwọn ọmọ kan á sọ fún yín pé kí ẹ yí àwòrán sódì, kí ẹ sún un kéré sínú férémù, tàbí kí ẹ mú ohùn rẹ̀ yára díẹ̀. Ẹ̀rọ ti mọ ọgbọ́n wọ̀nyí tipẹ́, ìyá yín kò sì ní gbádùn eré tí ojú gbogbo èèyàn inú rẹ̀ yí sódì. Bí ó bá sì jẹ́ oníṣẹ́ ló ní kí wọ́n yọ ọ́, ẹ má tẹ ibi tí wọ́n kọ sí pé ẹ fẹ́ ta ko yíyọ náà, torí lábẹ́ òfin Amẹ́ríkà ni wọ́n ti ń gba irú ìwé bẹ́ẹ̀, ẹ ó fi orúkọ àti àdírẹ́sì yín sí i, ẹ ó sì búra pé àṣìṣe ni yíyọ tí wọ́n yọ ọ́.